Ọ̀túnba Tí Kò Fẹ́ Kí Wọ́n Dín Òun Kù

Ọ̀túnba Adérógbà Ọ̀ṣìnúbí kì í wọlé bí ènìyàn ṣe ń wọlé. Rauf, akọ̀wé rẹ̀, ni yóò kọ́kọ́ wọlé, yóò wúkọ́, yóò ní kí gbogbo ènìyàn dìde fún ojú tí kì í sùn ní Ọ̀tà, àpáta ẹ̀yìn òṣìṣẹ́, ọkùnrin tí ẹ̀rọ rí tó ń gbọ̀n. Ọ̀túnba yóò dúró díẹ̀ níta kí oríkì náà ráyè jókòó nínú yàrá, lẹ́yìn náà ni òun alára yóò wá tẹ̀lé e. Lọ́jọ́ kan, obìnrin tó ń gbálẹ̀ nìkan ló wà nínú ọ́fíìsì. Rauf kì í yan ẹni tí yóò ki ọ̀gá rẹ̀ fún, ó ki oríkì náà tán pátá, obìnrin náà sì nàró tòun ti ìgbálẹ̀ lọ́wọ́, ó ń retí ẹni tó ń bọ̀.

Ẹ má bínú, n kò tíì sọ iṣẹ́ tí Ọ̀túnba ń ṣe. Òun ni ọ̀gá ẹ̀ka Ọ̀tà fún Àjọ Ìṣọ́ra Ilé-Iṣẹ́, àjọ tó ń rí i pé ẹ̀rọ kò gé òṣìṣẹ́ lọ́wọ́. Iṣẹ́ gidi ni, n kò fi ìyẹn ṣeré. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ń ṣiṣẹ́ ní àwọn ilé-iṣẹ́ tó wà láti Ṣàngó wọ inú Ọ̀tà, láti Ọ̀yọ́ àti Ọ̀ṣun ni wọ́n ti wá. Ẹlòmíì dé lánàá, wọ́n ti gbé e síwájú ẹ̀rọ lónìí, kò sì tíì mọ bọ́tìnnì tó ń dá a dúró. Nígbà tí ẹ̀rọ gé ọmọkùnrin kan níka ní ilé-iṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe fóòmù, Ìyáàfin Ẹfúnkẹ́ Ayọ̀rìndé, olùdarí àgbà àjọ náà ní Abẹ́òkúta, kọ̀wé sí Ọ̀túnba pé kó ṣe fídíò kékeré kan tí yóò kọ́ òṣìṣẹ́ ní ìṣọ́ra, kó gbé e sórí wẹ́ẹ̀búsáìtì, kí ilé-iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan sì gbé táblẹ́tì sí géètì kí òṣìṣẹ́ lè wò ó kó tó wọlé.

Ọ̀túnba ka ìwé náà dé ibi tí wọ́n kọ "kékeré" sí, ó dúró.

"Rauf," ó ní, "ṣé o ti rí ohun kékeré kan tí mo ṣe rí?"

"Rárá o, Ọ̀túnba. Bí ẹ bá sín pàápàá, ńlá ni."

Báyìí ni wọ́n ṣe pe Bùkúnmi. Ọmọ Ìkìrun ni Bùkúnmi, ó ní ṣọ́ọ̀bù kan nítòsí Ṣàngó tó ti ń ya fídíò fún ṣọ́ọ̀ṣì, fún iléèwé, àti fún àwọn tó fẹ́ polówó ọjà. Òun ló tún ń tọ́jú wẹ́ẹ̀búsáìtì fún àjọ náà. Wọ́n lọ ya fídíò ọ̀hún ní ilé-iṣẹ́ kan tó ń ṣe báàfù àti korobá oníke. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Hàlímọ̀tù ni wọ́n ní kó fi bí wọ́n ṣe ń ṣiṣẹ́ hàn, nítorí ó ti pẹ́ nídìí ẹ̀rọ yẹn, kò sì farapa rí. Hàlímọ̀tù wọ ìbọ̀wọ́, ó ká irun rẹ̀ sínú fìlà, ó nawọ́ sí bọ́tìnnì pupa, ó ní, "Bí nǹkan bá ṣe, èyí ni kẹ́ ẹ tẹ̀. Ẹ má ro ó lẹ́ẹ̀mejì." Ọ̀rọ̀ tirẹ̀ tán. Bí wọ́n bá fi ẹran sórí iná nígbà tó bẹ̀rẹ̀, kò ní tíì hó.

Ó wá kan Ọ̀túnba. Agbádá aláràn-án ló wọ̀ wá, èyí tí apá rẹ̀ lè bo ọmọ mẹ́ta, ó sì dúró sí ẹ̀gbẹ́ bẹ́líìtì ẹ̀rọ tó ń yí, nítorí ó ní kí àwọn ènìyàn rí i pé òun àti iṣẹ́ jọ ń mí ni. Ó sọ̀rọ̀ nípa ìgbà èwe rẹ̀. Ó sọ̀rọ̀ nípa bàbá rẹ̀. Ó sọ bí Ọ̀tà ṣe rí kí òun tó dé ọ́fíìsì, ẹni tó bá gbọ́ ọ á rò pé igbó ni. Nígbà tó rẹ̀ ẹ́, ó ní kí Bùkúnmi má pa kámẹ́rà, kó máa yà á bí òun ṣe ń sinmi, ìsinmi àgbà náà ẹ̀kọ́ ni. Ó wá kọjú sí Rauf.

"Ẹfúnkẹ́ yẹn tó jókòó sí Abẹ́òkúta," ó ní, "o rò pé ó mọ nǹkan kan? Gbogbo ohun tó ń kà sétí ìgbọ́ aráyé, èmi ni mò ń kọ ọ́ fún un. Bí wọ́n bá tú u sílẹ̀ ní Ṣàngó báyìí, kò ní mọ ọ̀nà ilé-iṣẹ́ kan ṣoṣo."

"Ẹ̀yin lẹ gbé e dúró, Ọ̀túnba," ni Rauf wí.

Ibi tí Ọ̀túnba ti gbé apá sókè láti fi bó ṣe gbé obìnrin náà dúró hàn, ibẹ̀ ni bẹ́líìtì ti gba apá agbádá rẹ̀ mú. Ó fà, ẹ̀rọ náà fà. Hàlímọ̀tù kò rò ó lẹ́ẹ̀mejì, ó na ọwọ́, ó tẹ bọ́tìnnì pupa. Ẹ̀rọ dákẹ́. Nígbà tí wọn yóò fi wò, Ọ̀túnba ti wà lẹ́yìn òkìtì korobá, fìlà rẹ̀ wà nílẹ̀, ó ń pe ìyá rẹ̀.

Ó pẹ́ díẹ̀ kó tó jáde. Kò dúpẹ́ lọ́wọ́ Hàlímọ̀tù. Ó gbọn agbádá rẹ̀, ó ní ẹ̀rọ náà ti mọ irú ẹni tó dì mú, ìdí nìyẹn tó fi jọ̀wọ́ òun. Rauf ní ẹ̀rọ pàápàá mọ àgbà. Hàlímọ̀tù padà sídìí iṣẹ́ rẹ̀.

Lẹ́yìn ọjọ́ díẹ̀, Bùkúnmi wá sí ọ́fíìsì Ọ̀túnba.

"Ọ̀túnba, sà, fídíò yẹn ti wà nílẹ̀," ó ní. "Mo fẹ́ gé e, kí n sì dín in kù kó tó gorí íńtánẹ́ẹ̀tì."

Ọ̀túnba gbójú sókè.

"Kí lo fẹ́ gé?"

"Àwọn ibi tí kò wúlò, sà."

"Ta ló wà níbi tí kò wúlò ọ̀hún?"

Bùkúnmi wo Rauf. Rauf ń wo àjà. "Ẹ̀yin ni, sà," ni Bùkúnmi wí.

Ọ̀túnba fara ti àga. Bùkúnmi rí i pé ọ̀rọ̀ ti fẹ́ bà jẹ́, ó bá ń ṣàlàyé kíákíá. Ó ní àwọn táblẹ́tì tó wà ní géètì kì í ṣe irú kan náà, òmíràn tuntun ni, òmíràn ti lo ayé rẹ̀ tán kí wọ́n tó rà á. Ó ní bráúsà tí wọ́n fi ń ṣí wẹ́ẹ̀búsáìtì náà yàtọ̀ síra, kì í ṣe gbogbo wọn ló ń ṣí irú fáìlì kan náà, àti pé èyí tí kámẹ́rà yà yìí tóbi jọjọ, táblẹ́tì olówó gọbọi bíi ti Ọ̀túnba nìkan ló lè ṣí i dáadáa.

"Bí a bá ṣe ẹ̀dà kan ní MP4," ó ní, "ọ̀pọ̀ jù lọ yóò ṣí i. A ó ṣe òmíràn ní WebM, tí bráúsà kan bá kọ ti àkọ́kọ́, yóò mú ìyẹn. A ó tún ṣe kékeré kan fún ibi tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò ti lágbára. Ó dà bí ìgbà téèyàn bá ń ṣe àlejò, sà. A máa ń bu ti ẹni tí kì í jẹ ata sọ́tọ̀ ni."

"Rauf, o gbọ́?" Ohùn Ọ̀túnba rọlẹ̀ bí ohùn ẹni tí wọ́n túfọ̀ fún. "Ọmọ yìí fẹ́ gé mi. Ó fẹ́ dín mi kù. Lẹ́yìn tó bá ti dín mi kù tán, ó fẹ́ sọ mí di ẹ̀dà."

"Ẹ̀dà mẹ́ta, Ọ̀túnba," ni Rauf wí, bíi pé iye yẹn ló dun òun jù.

"Àti kékeré kan láàárín wọn. Gbé táblẹ́tì mi wá."

Wọ́n gbé e wá. Wọ́n ṣí fídíò náà lórí rẹ̀, ó sì mọ́ kedere débi pé èèyàn lè rí òógùn níwájú orí Ọ̀túnba, kó kà á.

"Ó ṣiṣẹ́," ni Ọ̀túnba wí.

"Lórí tiyín ni, sà."

"Tèmi ni òṣùwọ̀n. Táblẹ́tì tí kò bá mọ̀ mí, kó lọ kọ́ mi. O ò gbọdọ̀ gé mi, o ò gbọdọ̀ dín mi kù. Bí kámẹ́rà ṣe rí mi ni kí aráyé rí mi."

Nígbà tí wọ́n jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, Bùkúnmi fa Rauf sẹ́gbẹ̀ẹ́. "Bọ̀dá Rauf, ṣé ẹ rántí ohun tó wà níparí fídíò yẹn?"

"Mo wà níbẹ̀," ni Rauf wí. "Ṣé wọ́n ti wò ó débẹ̀?"

Òtítọ́ ni pé Ọ̀túnba kò wò ó débẹ̀ rí. Ibì kan wà láàárín rẹ̀ tó ti ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Bó bá ti wò ó débẹ̀, yóò dá a padà sí ìbẹ̀rẹ̀ kó lè tún rí i.

"Ẹ sọ fún wọn," ni Bùkúnmi wí.

"Kí n sọ fún wọn pé kí ni? Ìwọ lo yà á, ìwọ lọ sọ."

Kò sí ẹni tó sọ. Bùkúnmi gbé fáìlì náà sórí wẹ́ẹ̀búsáìtì bí Ọ̀túnba ṣe wí, gbogbo rẹ̀ pátá, ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Ọ̀túnba pe àwọn ọ̀gá ilé-iṣẹ́ jọ, ó ṣí fídíò náà lórí táblẹ́tì tirẹ̀, ó dá a dúró níbi ẹ̀rín músẹ́, wọ́n pàtẹ́wọ́. Ó wá ṣòfin. Láti ọjọ́ Ajé, òṣìṣẹ́ kankan kò ní wọ ilé-iṣẹ́ láìwo fídíò náà tán. Bó bá parí, ọ̀rọ̀ kan yóò jáde lójú táblẹ́tì, èyí tí yóò máa yí padà lójoojúmọ́, òṣìṣẹ́ yóò sì sọ ọ̀rọ̀ náà fún ẹni tó ń ṣọ́ géètì. Ilé-iṣẹ́ tó bá gba ẹnikẹ́ni wọlé láìsọ ọ̀rọ̀ náà, àjọ yóò tì í pa. Wọ́n tún pàtẹ́wọ́. Ọ̀gá ilé-iṣẹ́ kan bèèrè bóyá wọ́n ti gbìyànjú rẹ̀ lórí táblẹ́tì géètì. Rauf dá a lóhùn pé èèyàn kì í dán àgbà wò.

Lọ́jọ́ Ajé, ilẹ̀ mọ́. Bàbá Àmọ̀dá, tó ń ṣọ́ géètì ilé-iṣẹ́ báàfù, gbé táblẹ́tì sórí tábìlì, ó tẹ̀ ẹ́ bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Táblẹ́tì náà dúdú. Àmì róbótó kan ló wà láàárín, irú èyí tó ń ní kéèyàn ṣì dúró, róbótó náà ń yí, ó ń yí. Òṣìṣẹ́ tò lọ dé títì. Hàlímọ̀tù ló wà níwájú.

"Bàbá, ẹ jẹ́ ká wọlé. Kò fẹ́ ṣí."

"Mo rí i pé kò fẹ́ ṣí."

"Èmi ni mo wà nínú fídíò yẹn. Èmi ni mò ń kọ́ wọn níbẹ̀."

"Mo mọ̀, Hàlímọ̀. Ìṣojú mi ni wọ́n ti yà ọ́." Bàbá Àmọ̀dá fi ọwọ́ nu ojú táblẹ́tì. "Ṣùgbọ́n wọn ò ní kí n gba ẹni tó ṣe é wọlé, ẹni tó wò ó ni wọ́n ní kí n gbà. Bí wọ́n bá ti ibí yìí pa, gbogbo wa la máa lọ sílé."

Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe eré fún Hàlímọ̀tù. Òṣìṣẹ́ ojúmọ́ ni. Ẹni tí kò wọlé kò ṣiṣẹ́, ẹni tí kò ṣiṣẹ́ kò gbowó, ẹni tó bá sì pẹ́ nílé, wọ́n á fi ẹlòmíì dí àyè rẹ̀. Ọkọ rẹ̀ wà nílé, ó ń tọ́jú ẹsẹ̀ tó dá lórí ọ̀kadà, òun nìkan ló ń mú oúnjẹ wọlé. Ó dúró níbẹ̀ títí oòrùn fi mú, ó ń wo róbótó.

Bó ṣe rí níbẹ̀ kọ́ ló rí níbòmíì. Ní ilé-iṣẹ́ ọṣẹ, ohùn Ọ̀túnba jáde ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ kò jáde, ó ń sọ̀rọ̀ nípa bàbá rẹ̀ láti inú òkùnkùn, obìnrin kan sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe àdúrà. Ní ilé-iṣẹ́ irin, ojú jáde, ohùn kò jáde, ojú náà sì há síbi tó ti la ẹnu sílẹ̀. Níbi fóòmù, bráúsà kọ ọ́ síta gbangba pé òun kò mọ irú fáìlì yìí.

Rauf lọ jíṣẹ́ fún ọ̀gá rẹ̀. Ẹ gbọ́ bó ṣe jẹ́ ẹ: "Ọ̀túnba, fídíò náà wọ àwọn òṣìṣẹ́ lára débi pé wọn ò lè gbẹ́sẹ̀. Wọ́n dúró sí géètì gbagidi."

Nígbà tí wọ́n tú ọ̀rọ̀ náà síwájú rẹ̀ tán, Ọ̀túnba kò dààmú. Ó ní bráúsà ni kò lẹ́kọ̀ọ́. Ó wá pàṣẹ. Níbi tí ohùn ti jáde tí ojú kò jáde, kí wọ́n gbé àwòrán òun tí wọ́n fi gíláàsì bò dání lẹ́yìn táblẹ́tì. Níbi tí ojú ti jáde tí ohùn kò jáde, kí Rauf lọ dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kó máa sọ ọ̀rọ̀ náà. Níbi tí ohunkóhun kò ti jáde, kí òṣìṣẹ́ ṣí fìlà, kí wọ́n sì dúró jẹ́ẹ́ títí dé ìwọ̀n ìgbà tí fídíò ì bá fi parí. Bàbá Àmọ̀dá ránṣẹ́ bèèrè ọ̀rọ̀ tí wọn yóò fi wọlé lẹ́yìn ìdúró jẹ́ẹ́ náà. Ọ̀túnba ní ẹni tó bá dúró pẹ̀lú ọkàn mímọ́, ọ̀rọ̀ náà yóò wá sí i lọ́kàn.

Kò wá sí ẹnikẹ́ni lọ́kàn. Rauf ń sáré láti géètì dé géètì, ó ń sọ ìtàn bàbá ẹni ẹlẹ́ni títí ohùn rẹ̀ fi há. Ọkọ̀ akẹ́rù tó wá kó báàfù tò títí wọ́n fi dí ọ̀nà, àwọn awakọ̀ ń fi Pidgin ṣépè. Hàlímọ̀tù ń wá láràárọ̀, ó ń padà sílé lọ́wọ́ òfo, ó sì ti rí àwọn tó dúró sí òdìkejì títì tí wọ́n ń retí pé kí àyè ṣí sílẹ̀.

Àwọn ọ̀gá ilé-iṣẹ́ pe Abẹ́òkúta. Ìyáàfin Ẹfúnkẹ́ ní òun ń bọ̀ wá wò ó fúnra òun. Ẹ̀rù ba Rauf. Ó sáré lọ bá Bùkúnmi ní ṣọ́ọ̀bù.

"Bùkúnmi, ẹ̀gbọ́n ẹ ni mí," ó ní, ohùn rẹ̀ ń họ bí ìlẹ̀kùn tí kò lépo. "Ṣe ẹ̀dà wọ̀nyẹn. Jẹ́ kó ṣí ní gbogbo géètì. Má jẹ́ kí Ọ̀túnba gbọ́ pé o dín wọn kù."

"Kí n gé ìparí rẹ̀ náà?"

Rauf ronú. Bó bá ní kó gé e, tí Ọ̀túnba wá mọ̀, ta ni yóò jẹ́ pé ó gé Ọ̀túnba? "Má gé nǹkan kan," ó ní. "Ṣáà jẹ́ kó ṣí."

"Ẹ ti wí," ni Bùkúnmi wí. Ó ṣe MP4, ó ṣe WebM, ó ṣe kékeré, ó tò wọ́n sórí wẹ́ẹ̀búsáìtì.

Nígbà tí Ìyáàfin Ẹfúnkẹ́ dé géètì ilé-iṣẹ́ báàfù láàárọ̀, Rauf ti so táblẹ́tì náà mọ́ ẹ̀rọ gbohùngbohùn. Àwọn òṣìṣẹ́ pé, àwọn ọ̀gá ilé-iṣẹ́ pé, àwọn awakọ̀ sọ̀ kalẹ̀, Bùkúnmi náà wà níbẹ̀. Rauf gbìyànjú láti ki Ọ̀túnba, ohùn kò jáde. Ọ̀túnba sọ̀rọ̀ fúnra rẹ̀.

"Ẹ káàbọ̀, màámi, ìyá wa, ìràwọ̀ àjọ yìí. Àwọn ọ̀tá sọ pé fídíò mi kò ṣí. Ẹ jẹ́ kí wọ́n wá wò ó. Mo bẹ̀ yín, ẹ wò ó dé òpin, ẹ má jẹ́ kí wọ́n fo ibì kankan."

Bàbá Àmọ̀dá tẹ̀ ẹ́. Ó ṣí. Inú Ọ̀túnba dùn débi pé ó wo ọ̀run. Ìtàn èwe lọ, ìtàn bàbá lọ, Ìyáàfin Ẹfúnkẹ́ jókòó lórí àga oníke, ó ń wò ó. Nígbà tí wọ́n kọjá ibi ẹ̀rín músẹ́, Ọ̀túnba bẹ̀rẹ̀ sí í gbádùn ohun tí òun náà kò wò rí. Lẹ́yìn náà ni gbohùngbohùn ké e síta pé: "Ẹfúnkẹ́ yẹn tó jókòó sí Abẹ́òkúta..."

Ọ̀túnba na ọwọ́ láti pa á.

"Ẹ fi sílẹ̀," ni Ìyáàfin Ẹfúnkẹ́ wí. "Ẹ ní ká má fo ibì kankan."

Wọn kò fo ibì kankan. Gbogbo géètì ló gbọ́ ẹni tó ń kọ ọ̀rọ̀ fún olùdarí àgbà. Wọ́n rí apá tó lọ sókè, wọ́n rí bẹ́líìtì tó gbà á mú, wọ́n rí ọwọ́ Hàlímọ̀tù lórí bọ́tìnnì pupa, wọ́n sì gbọ́ ọ̀gá ìṣọ́ra tó ń pe ìyá rẹ̀ lẹ́yìn korobá. Awakọ̀ kan ló kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn rẹ̀, ẹ̀rín náà kò ṣeé dá dúró, ó bọ́ sí ojú títì, àwọn tó wà lódìkejì tí wọn kò rí nǹkan kan náà ń rẹ́rìn-ín. Fídíò parí. Ọ̀rọ̀ ọjọ́ náà jáde lójú táblẹ́tì, Rauf ló yàn án: *Àpọ́nlé*.

Ìyáàfin Ẹfúnkẹ́ dìde. "Obìnrin tó tẹ bọ́tìnnì yẹn dà?"

Hàlímọ̀tù bọ́ síwájú, ó kúnlẹ̀ díẹ̀. "Èmi ni, mà."

"Ìwọ lo kọ́ wa lẹ́kọ̀ọ́ nínú gbogbo èyí. Kí lo fẹ́ kí n ṣe fún ọ?"

Àwọn kan yọ́ ọ̀rọ̀ sí i létí pé kó bèèrè owó, ẹlòmíì ní kó bèèrè ọ́fíìsì. Hàlímọ̀tù nawọ́ sí géètì.

"Ẹ jẹ́ ká wọlé, mà. Kí wọ́n sì ka ọjọ́ tí a fi dúró síbí mọ́ ọjọ́ iṣẹ́. A kò jókòó sílé, a wá."

Ìyáàfin Ẹfúnkẹ́ wo ọ̀gá ilé-iṣẹ́. Ọ̀gá ilé-iṣẹ́ wo àwọn ọkọ̀ tó tò, ó ní kò burú. Olùdarí àgbà wá yíjú sí Ọ̀túnba, ohùn rẹ̀ kò ròkè rárá. Ó ní kó kó kọ́kọ́rọ́ ọ́fíìsì fún Rauf, kó sinmi nílé, nítorí ìsinmi àgbà náà ẹ̀kọ́ ni. Ó sọ fún Bùkúnmi pé ibi tí Hàlímọ̀tù wà nìkan ni kó kù nínú fídíò náà. Ó wọ ọkọ̀, ó sì lọ wá ọ̀nà ilé-iṣẹ́ mìíràn, ó mọ̀ ọ́n.

Géètì ṣí. Òṣìṣẹ́ ń wọlé, Hàlímọ̀tù wà níwájú, ó ti ń wọ ìbọ̀wọ́ rẹ̀ bó ṣe ń lọ. Wọ́n ń gba ẹ̀gbẹ́ Ọ̀túnba kọjá, àwọn kan ń kí i, nítorí ọmọ Yorùbá ni wọ́n. Rauf ti gba kọ́kọ́rọ́, ó ti lọ. Ọ̀túnba dúró síbẹ̀ títí ó fi ku òun àti Bàbá Àmọ̀dá. Ó wo ọkùnrin arúgbó náà bíi pé ó ń wá nǹkan tó yẹ kó ti mọ̀.

"Bàbá," ó ní, "kí lorúkọ yín?"

"Àmọ̀dá ni," ni arúgbó náà dáhùn. "Ẹ jọ̀ọ́, ọ̀gá, ẹ sún díẹ̀. Ọkọ̀ fẹ́ wọlé."